Kùrukùru Tó Wọ Orí Sìkírátù Alágbàfọ̀

Ẹ̀yin ọmọ abẹ́ òṣùpá o!

Àwa rèé o, Ìyá Àgbà!

Ṣé etí wà níbẹ̀?

Ó wà níbẹ̀, ó ń dúró de ọ̀rọ̀!

Ṣé ojú ńkọ́?

Ó là rederede, kò tí ì tòògbé!

Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ìtàn tèmi gbéra ńlẹ̀, ó fò fẹ̀rẹ̀. Kò bà lé ìjàpá, kò bà lé ọba, kò bà lé iwin inú igbó. Obìnrin alágbàfọ̀ kan ló bà lé, ní Igbó-Elérin níbí, lẹ́bàá títì tó lọ sí Àgbádárìgì. Sìkírátù lorúkọ rẹ̀, ọmọ Ìmẹ̀kọ ni. Ilé kan náà la jọ ń gbé nígbà náà. Yàrá rẹ̀ kojú yàrá mi, ọ̀dẹ̀dẹ̀ ló là wá láàárín. Bó bá wúkọ́ níbẹ̀, èmi ni n ó kọ́kọ́ kí i pẹ̀lẹ́. Ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, ojú mi ló ṣe. Ibi tí kò bá ṣojú mi, ẹnu òun fúnra rẹ̀ ni mo ti gbọ́ ọ.

Aṣọ funfun ni Sìkírátù ń fọ̀. Àwọn ológun ojú omi tó wà ní Navy Town, aṣọ funfun ni wọ́n ń wọ̀ bí wọ́n bá fẹ́ yan. Kóòtù funfun, ṣòkòtò funfun, bọ́tìnnì idẹ gbàràgàdà níwájú. Ẹ wá bá mi rò ó wò. Bí ogójì ṣòkòtò bá wà lórí okùn, tí gbogbo wọn funfun, tí ó jẹ́ aránṣọ kan náà ló rán wọn, báwo lẹ ṣe máa mọ ti Lágbájá yàtọ̀ sí ti Tàmẹ̀dò?

"Wọ́n á kọ orúkọ sí i, Ìyá Àgbà!"

Ta ni yóò kọ ọ́, Ṣadé? Sìkírátù kò mọ̀wé, bí èmi náà kò ṣe mọ̀ ọ́n. Àwọn alágbàfọ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀ máa ń sàmì sí aṣọ oníbàárà. Sìkírátù kì í sàmì. Ó ní ẹni tí orí rẹ̀ bá ń jò ló ń sàmì. Bó bá ti fọwọ́ kan ṣòkòtò lẹ́ẹ̀kan péré, ó parí. Eléyìí, sìgá ti jó àpò rẹ̀ ní kékeré, ti ọ̀gá Àyàndélé ni. Èyí, wọ́n ti tú ìbàdí rẹ̀ nítorí ikùn, ti ọ̀gá Babátúndé ni. Èyí, olówó rẹ̀ máa ń làágùn lábẹ́ apá òsì ju ọ̀tún lọ. Àwọn ìyàwó ológun wá sọ ọ́ ní Orí-Kì-Í-Jò. Bí wọ́n bá pè é bẹ́ẹ̀ lẹ́nu géètì, ọrùn rẹ̀ á nà sí i lábẹ́ ẹrù. Ọdún mọ́kànlá ló fi ṣe é, kò ṣi aṣọ kan ṣoṣo fún ẹnì kankan. Bàbá Wàsíù, ọkọ rẹ̀, ti kú. Aṣọ Navy Town yìí ló fi ń tọ́ Wàsíù, tó sì fi rán an lọ sí ilé ẹ̀kọ́ girama.

Ìparí ọdún 1988 ni nǹkan yí padà. Ọyẹ́ ọdún náà le, ó ń fọ́ ètè. Eruku títì a máa fẹ́ wọ àgbàlá wa, a sì máa bà lé aṣọ. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni Sìkírátù ti máa ń lọ aṣọ látọjọ́ yìí, ó ní tábìlì pátákó kan tó tẹ́ kúbùsù àtijọ́ lé lórí. Kò sí iná mọ̀nàmọ́ná tó ṣeé gbára lé, nítorí náà áyọ́ọ̀nù eléèédú ló ń lò, èyí tí wọ́n fi àkùkọ onírin kékeré ṣe ìdérí rẹ̀. Lọ́jọ́ kan, ìyàwó ọ̀gá Ọládàpọ̀ ní Navy Town fi ìka nu ọrùn kóòtù ọkọ rẹ̀, ó gbé ìka náà sókè.

"Ìyá Wàsíù, ẹ bá mi wo nǹkan yìí. Ṣé bí wọ́n ṣe ń fọ funfun nìyí?"

Ọ̀rọ̀ náà dun Sìkírátù. Láti ọjọ́ náà ló ti kó tábìlì àti áyọ́ọ̀nù wọ inú yàrá. Ó ti fèrèsé, ó ti ilẹ̀kùn, ó ká aṣọ àtijọ́ jọ, ó fi dí ẹsẹ̀ ilẹ̀kùn pinpin. Eruku kò ráyè wọlé mọ́. Aṣọ ń jáde wá funfun bí òwú tó ṣẹ̀ṣẹ̀ là.

Àkókò yẹn náà ni ìjọ aláṣọ funfun kan ní Òkókòmáíkò gbé sùtánà wọn wá fún un, nítorí ìkórè wọn ti kù sí dẹ̀dẹ̀. Bàbá Ògúnlẹ́yẹ ni olórí wọn. Mo fi Sìkírátù ṣe yẹ̀yẹ́. Mo ní, "Àlhájà, ṣé o ti di aláàdúrà ni?"

Ó ní, "Ìyá Túnjí, ọṣẹ ò mọ ẹ̀sìn."

Ẹ wá wò ó: aṣọ ológun funfun, sùtánà funfun, yàrá kan, obìnrin kan, orí kan.

Ohun tí mo kọ́kọ́ rí ni pé ó máa ń wọ yàrá mi, á dúró, á máa wo ilẹ̀. "Ìyá Túnjí, kí ni mo wá ṣe níbí?" A óò jọ rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn ìyẹn, ó ń pe Wàsíù ní orúkọ àbúrò ọkọ rẹ̀. Ó bu iyọ̀ sí ẹ̀kọ mímu. Ó ń kírun, ó gbàgbé iye rákà tó ti kí, ó tún un bẹ̀rẹ̀, ó tún gbàgbé. Ìyẹn gan-an ló bà á lẹ́rù. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà mi, ó di orí mú.

Mo ní, "Ṣé ó ń fọ́ ọ ni?"

Ó ní, "Ó ń fọ́ mi díẹ̀, ṣùgbọ́n ìyẹn kọ́. Ṣé o mọ kùrukùru tó máa ń wà lójú ọ̀sà Ọ̀jọ́ láàárọ̀? Òun ló wọ orí mi. Mo ń rí ọkọ̀, mi ò rí ẹni tó ń tù ú. Bí o bá bi mí ní ọ̀rọ̀, mo mọ̀ pé ìdáhùn wà níbẹ̀. Mo ń na ọwọ́ sí i, kò dé ọwọ́ mi."

Mo ní kó lọ sùn. Ó ní ta ni yóò lọ aṣọ?

Ọjọ́ ìkórè ìjọ pé, ọjọ́ Àìkú. A ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbálẹ̀ láàárọ̀ nígbà tí Bàbá Ògúnlẹ́yẹ dé. Singílẹ́ẹ̀tì ló wọ̀, ó ró ìró mọ́ ìbàdí, ẹsẹ̀ rẹ̀ lásán. Ó na kóòtù funfun kan síwájú bí ẹni gbé òkú eku.

"Sìkírátù!"

"Bàbá, ẹ káàárọ̀ o. Ìkórè á yabo."

"Ìkórè wo? Wo nǹkan tí o dì sínú ẹrù mi. Bọ́tìnnì idẹ mẹ́fà! Ṣé kí n wọ èyí dé iwájú pẹpẹ, kí n wí fún ìjọ pé ìjọba ti gbà mí síṣẹ́ ogun ni? Ní ọdún méjìdínláàádọ́rin mi?"

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rín in, mo di ògiri mú. Sìkírátù nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó ń wo kóòtù náà, ó ń fọwọ́ pa á, kò mọ olówó rẹ̀. Ọdún mọ́kànlá, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí ọwọ́ rẹ̀ kan aṣọ tí aṣọ kò bá a sọ̀rọ̀. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wá yé e pé bí ti ológun bá wà lọ́wọ́ bàbá, ti bàbá á wà lọ́wọ́ ológun.

Ó kígbe. Ó gbé kóòtù náà, ó sáré gba ọ̀nà Navy Town, ìborùn rẹ̀ já bọ́ lọ́nà, kò bojú wẹ̀yìn.

Ológun tó ń ṣọ́ géètì Navy Town ti ń dúró dè é. "Ìyá Wàsíù! Wọ́n ní ẹ ti sọ ọ̀gá wa di wòlíì! Ẹ bá wa béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ bóyá owó oṣù á tètè jáde!"

Ìyàwó ọ̀gá Ọládàpọ̀ dúró lórí àtẹ̀gùn, ó gbé sùtánà kọ́ apá. Òun kò ṣàwàdà rárá. Ọ̀gá àgbà kan ló wá yẹ àwọn ológun wò láàárọ̀ ọjọ́ náà. Aṣọ àtijọ́ tó ti ràn pupa lọ́rùn ni ọkọ rẹ̀ wọ̀ dúró láàárín ẹgbẹ́ rẹ̀.

Ó ní, "Ìyá Wàsíù, mi ò ní bú yín, ẹ jù mí lọ. Ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún oṣù kìíní ni wọ́n máa yan nítorí ìrántí àwọn ọmọ ogun tó ti kú. Aṣọ ọkùnrin mẹ́rìnlá láti ojúlé wa yìí ló máa wà lọ́wọ́ yín. Bí ẹyọ kan, ẹyọ kan péré, bá tún ṣìnà, ẹ má wọ ẹnu géètì yìí mọ́. Ti gbogbo wa ni mo ń sọ, kì í ṣe tèmi nìkan."

Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ márùn-ún ló kù. Sìkírátù rọra ń bọ̀ nílé, ó gbé sùtánà bàbá lérí.

Kí a má parọ́, kò sẹ́ni tí kò ní oògùn lẹ́nu nínú ilé wa. Ẹnì kan ní ayé ló ń ṣe é, pé àwọn tó ń jowú ọ̀nà Navy Town ló fi nǹkan bò ó lórí. Ẹnì kan ní ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ kò tó. Ẹnì kan mú ìsọ̀yè wá, lẹ́búlẹ́bú dúdú kan, pé kó máa fi àtàrí ọ̀pọ̀lọ́ tọ́ ọ lá. Ó dá ìyẹn padà. Èmi ni mo fún un ní gbànja. Mo ní, "Máa jẹ obì yìí, á la ojú rẹ." Ó jẹ ẹ́ lóòótọ́. Ojú rẹ̀ là títí ilẹ̀ fi mọ́. Lọ́jọ́ kejì ó burú ju ti àná lọ, òun náà sì tún jẹ òmíràn kó lè lajú. Ẹ̀ṣẹ̀ mi nìyẹn, mo jẹ́wọ́ rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun tó mú mi fẹ́ràn obìnrin náà. Lọ́jọ́ kan tí a jókòó tí a ń ṣa ẹ̀wà, ó gbé orí sókè.

Ó ní, "Ìyá Túnjí, bó bá jẹ́ ayé ló ń ṣe mí, kí ló dé tí ayé kì í jí láàárọ̀?"

Mo ní, "Kí lo wí?"

"Mo ní, láàárọ̀ ara mi le, mo mọ orúkọ gbogbo ayé. Ibo ni ayé máa ń wà láàárọ̀? Ṣé ó ń lọ sóko ni?"

Mo ní kó má fi ayé ṣeré. Ó kàn ń wo ọ̀ọ́kán. Mo mọ ìwò yẹn. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe máa ń wo àbààwọ́n lára aṣọ. Sìkírátù kì í da ọṣẹ lu àbààwọ́n láìmọ ohun tó jẹ́. Á fi imú gbóòórùn rẹ̀, á fi èékánná họ ọ́, á béèrè: epo ni, àbí ìpẹtà ni, àbí ẹ̀jẹ̀? Omi gbígbóná tó ń ṣí epo ló ń mú ẹ̀jẹ̀ dì mọ́ aṣọ. Ó ní kùrukùru yìí náà, òun fẹ́ mọ ohun tó jẹ́ kí òun tó fọwọ́ kàn án.

Ó ní agolo mílíìkì kan tó kún fún bọ́tìnnì tó já lára aṣọ. Ó tò abọ́ mẹ́ta sórí fèrèsé. Abọ́ kìíní jẹ́ ti ìgbà tó bá kírun Àsùbáà títí di Àìlà. Abọ́ kejì jẹ́ ti Àìlà sí Àlàásárì. Ẹ̀kẹta jẹ́ ti ìyókù ọjọ́ náà. Ìgbàkigbà tó bá gbàgbé nǹkan, tàbí tó ṣi orúkọ pè, tàbí tó dúró láàárín ilé láìmọ ibi tó ń lọ, á ju bọ́tìnnì kan sínú abọ́ tí àkókò rẹ̀ bá jẹ́.

Ẹ̀hìndé, kí lò ń rín?

"Bó bá gbàgbé láti ju bọ́tìnnì ńkọ́, Ìyá Àgbà?"

Wo ọmọ! Ohun tí èmi náà bi í nìyẹn. Ó ní nítorí náà ló ṣe fi mí ṣe ẹlẹ́rìí. Bí mo bá rí i tó dúró bí òpó, n ó pariwo láti yàrá mi, "Sìkírá, bọ́tìnnì!" Á sì ju ọ̀kan. Àwọn ará ilé rò pé orí àwa méjèèjì ti dàrú.

Alaalẹ́ la máa ń da abọ́ náà wò. Ti àárọ̀, bọ́tìnnì kan, nígbà mìíràn òfo. Ti ọ̀sán, mẹ́jọ, mẹ́sàn-án, mọ́kànlá. Ti ìrọ̀lẹ́, mẹ́rin, mẹ́ta, ó ń lọ sílẹ̀ bí ilẹ̀ ṣe ń ṣú. Lọ́jọ́ Jímọ̀, ti ọ̀sán kò ní nǹkan kan nínú.

Mo ní, "Àdúrà Jímọ̀ ló gbà."

Ó ní, "Ojoojúmọ́ ni mo ń gbàdúrà. Kí ni mi ò ṣe lọ́jọ́ Jímọ̀ tí mò ń ṣe lọ́jọ́ tó kù?"

A rò ó, rò ó. Lọ́jọ́ Jímọ̀, á wẹ̀, á lọ sí mọ́ṣáláṣí, á kí àwọn èèyàn rẹ̀, á padà wálé ní ìrọ̀lẹ́. Kì í lọ aṣọ lọ́jọ́ Jímọ̀.

Ó ní, "Áyọ́ọ̀nù."

Mo ní, "Áyọ́ọ̀nù tí o ti ń lò láti ọdún mọ́kànlá? Àkùkọ orí rẹ̀ ló wá kọ lónìí?"

Òótọ́ ni mo sọ. Ṣùgbọ́n kò fi í sílẹ̀. Odindi ọjọ́ méjì ló fi ń yí áyọ́ọ̀nù náà po, ó ń gbóòórùn èédú, ó ń yí i wò bí ẹni fẹ́ rà á lọ́jà.

Àsìkò yẹn ni Bàbá Ògúnlẹ́yẹ wá gba ìyókù sùtánà rẹ̀. Ọ̀sán ni, Sìkírátù wà nínú yàrá, ó ti ilẹ̀kùn bí ìṣe rẹ̀. Bàbá kan ilẹ̀kùn, Sìkírátù ṣí i. Bàbá gbé ẹsẹ̀ kan wọlé, ó gbé e padà.

Ó ní, "Kí ló ń jó níbí?"

"Kò sóhun tó ń jó, bàbá. Áyọ́ọ̀nù ni."

"Èédú? Nínú ilé tí o tì pa?" Bàbá wo fèrèsé, ó wo aṣọ tó wà lẹ́sẹ̀ ilẹ̀kùn. "Sìkírátù, ọmọ ìlú wa kọ́ ni ọ́? Ta ni mí kí n tó gbé sùtánà wọ̀?"

"Alágbẹ̀dẹ ni yín, bàbá. Ìyá mi máa ń ra ọkọ́ lọ́wọ́ yín."

"Ó dáa. Ṣé o ti rí àgbẹ̀dẹ tó ní ògiri rí?"

Níbi tí mo jókòó sí lẹ́nu ọ̀nà mi, mo ń ṣírò gbogbo àgbẹ̀dẹ tí mo ti rí láyé mi. Òpó mẹ́rin, òrùlé, kò sí ògiri.

Sìkírátù ní, "Mo rò pé nítorí ooru ni."

"Ooru wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n gbọ́ ohun tí bàbá mi sọ fún mi nígbà tí mo ń fín ẹwìrì. Ó ní èéfín igi ní ìtìjú, ó máa ń kìlọ̀: ó ń ta ojú, ó ń gba ikọ́, wàá sá. Ti èédú tó ti pọ́n kò ní àwọ̀, kò ní òórùn. Kì í kí onílé kó tó wọlé. Ó kọ́kọ́ ń gba ìrántí. Bí o bá tún jókòó tì í, á gba agbára ẹsẹ̀. Bí o bá wá sùn tì í, ó parí nìyẹn. Ọmọ iṣẹ́ wa kan gbé ìkòkò èédú wọ yàrá nígbà ọyẹ́ kó lè yáná. Kò jí."

Lẹ́sẹ̀ kan náà ni Sìkírátù ṣí fèrèsé. Ó fẹsẹ̀ gbá aṣọ ẹsẹ̀ ilẹ̀kùn sọ síta. Ó wá yíjú sí bàbá, ojú rẹ̀ ń tàn yanran, kò dà bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ ikú.

"Bàbá, bí kò bá ní àwọ̀, tí kò ní òórùn, báwo ni bàbá yín ṣe mọ̀ pé ó wà?"

Bàbá Ògúnlẹ́yẹ gba sùtánà rẹ̀. Ó ní, "Ìwọ obìnrin yìí, ìbéèrè rẹ ni yóò gbà ọ́ là."

Sìkírátù gbé tábìlì padà sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Eruku ńkọ́? Ó ń bu omi wọ́n gbogbo àgbàlá kó tó bẹ̀rẹ̀, ó sì fi aṣọ tútù ta ìbòjú sí ọ̀nà títì. Bí aṣọ kan bá ti gbóná tán lábẹ́ áyọ́ọ̀nù, á pa á dé sínú àpótí. Ó tún lọ sí ilé ìwòsàn ní Ìbà. Dókítà ṣí ìpéǹpéjú rẹ̀ wò, ó gbọ́ ọ̀rọ̀ áyọ́ọ̀nù, ó ní alágbẹ̀dẹ yẹn ti ṣe iṣẹ́ òun fún òun. Ó ní ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ tó dáadáa.

Abọ́ ọ̀sán bẹ̀rẹ̀ sí í fúyẹ́. Mọ́kànlá di mẹ́fà, mẹ́fà di mẹ́rin. Ibẹ̀ ló dúró sí, kò lọ sílẹ̀ mọ́. Èmi ní ká dúpẹ́. Sìkírátù ní bọ́tìnnì mẹ́rin lè ṣi aṣọ mẹ́rin lọ́nà, ọ̀kan péré sì ni ìyàwó ọ̀gá Ọládàpọ̀ ní kò gbọdọ̀ ṣìnà.

Ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í họ àbààwọ́n. Ó rí i pé ọjọ́ tó bá jẹ gbànja mi, tí kò sì sùn, ni ti ọjọ́ kejì máa ń pọ̀. Ó dá gbànja mi padà fún mi. Ó ní, "Obì rẹ kì í la ojú, ó kàn ń dì í mú kó má baà pa dé ni." Ó rí i pé omi kì í kan ẹnu rẹ̀ láti àárọ̀ títí di àsìkò oúnjẹ ọ̀sán, nínú ọyẹ́ tó ń mú omi ara gbẹ. Ó gbé orù omi kékeré sẹ́gbẹ̀ẹ́ tábìlì. Ó tún ń na ẹ̀yìn sórí ẹní lẹ́yìn ìrun Àìlà, nígbà tí sítáàṣì bá ń gbẹ lára aṣọ. Ìwọ̀nba oorun tí ìkòkò ẹ̀wà fi ń hó lẹ́ẹ̀kan ni. Àkọ́kọ́, ojú ń tì í. Ó ní kí n má jẹ́ kí àwọn ará ilé rí òun, wọ́n á ní ọ̀lẹ ni òun.

Bọ́tìnnì wá ku ẹyọ kan, tàbí méjì. Ìyẹn kò lọ. Ó sọ fún mi pé òun mọ ohun tó jẹ́, òun kàn kò fẹ́ pe orúkọ rẹ̀ ni.

Mo ní, "Pè é."

Ó ní, "Àwọn aṣọ náà ni. Bí mo bá ń jẹun, mò ń kà wọ́n lọ́kàn. Bí mo bá ń wẹ̀, mò ń kà wọ́n. Àpò tó jó, ti Àyàndélé. Ìbàdí tó tú, ti Babátúndé. Ọdún mọ́kànlá ni mi ò tí ì sọ wọ́n kalẹ̀. Nígbà tí wọ́n jẹ́ ogún, ó rọrùn. Wọ́n ti fẹ́ẹ̀ di ọgọ́rùn-ún."

Mo ní, "Sàmì sí wọn bí ẹgbẹ́ rẹ."

Ó wò mí bí ẹni tí mo ní kó ta ilé bàbá rẹ̀. Lọ́jọ́ kẹrin, mo rí i lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ pẹ̀lú abẹ́rẹ́ àti òwú oríṣiríṣi àwọ̀. Ẹsẹ̀ òwú méjì péré ló ń rán sí abẹ́ ìṣẹ́po ìbàdí, níbi tí ojú kò lè dé. Pupa fún Àyàndélé. Àwọ̀ ewé fún Babátúndé. Ìyeyè fún Ọládàpọ̀.

Mo ní, "Ṣé orí rẹ ti wá ń jò báyìí ni?"

Ó ní, "Kò jò. Ó fẹ́ jókòó díẹ̀ ni."

Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kìíní dé. Mo bá a ru ẹrù kan, òun ru ìkejì, a dé Navy Town ní ìyálẹ̀ta. Ìyàwó ọ̀gá Ọládàpọ̀ àti mẹ́rin nínú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ti jókòó sórí bẹ́ǹṣì. Bí a ṣe sọ̀ ẹrù kalẹ̀ ni Màdáámù fa ṣòkòtò kan yọ láàárín, ó gbé e sókè.

"Ìyá Wàsíù, ẹ má wo ibòmíràn. Ta ló ni èyí?"

Sìkírátù fọwọ́ kàn án, bó ṣe máa ń ṣe tẹ́lẹ̀. Ó ní, "Ti ọ̀gá Babátúndé ni."

Ọ̀kan nínú àwọn obìnrin náà ní, "Ẹ ẹ̀ rí i? Orí-Kì-Í-Jò ti padà dé!"

Ó yẹ kó dúró síbẹ̀. Ìdáhùn náà dùn létí, wọ́n ti ń pàtẹ́wọ́. Ṣùgbọ́n mo rí i tó na ọwọ́ padà. Ó yí ìbàdí ṣòkòtò náà síta níwájú gbogbo wọn, ó ṣí ìṣẹ́po rẹ̀, ó wò ó. Òwú ìyeyè.

Mo mọ ohun tó túmọ̀ sí.

Sìkírátù ní, "Màdáámù, mo ṣìsọ. Ti ọkọ yín ni. Ẹ̀yin náà ti tú ìbàdí rẹ̀ nínú oṣù tó kọjá, ó wá jọ ti ọ̀gá Babátúndé lọ́wọ́ mi."

Màdáámù gba ṣòkòtò náà, ó yẹ òwú wò, ó yẹ ìránṣọ wò. Ó gbé e mọ́ ìbàdí ara rẹ̀ bí ẹni ń wọn ọkọ. Lóòótọ́, òun ló tú u.

Ó ní, "Òwú yìí, ìgbà wo lẹ bẹ̀rẹ̀ rẹ̀?"

Sìkírátù sọ gbogbo rẹ̀ fún un, láti orí ìka tó fi nu ọrùn kóòtù, dé orí yàrá tó tì pa, dé orí alágbẹ̀dẹ. Kò dá a lẹ́bi. Bó ṣe ń sọ ọ́, ẹ óò rò pé nǹkan ìyanu tó rí lọ́nà ló ń ròyìn. Màdáámù gbọ́ ọ dé òpin. Ó wo ìka ara rẹ̀.

Ó ní, "Èmi ni mo lé yín wọlé nígbà náà."

Sìkírátù ní, "Èmi ni mo ti ilẹ̀kùn, Màdáámù."

Màdáámù bú sẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ẹ yáa jẹ́ ká wo ìyókù. Ẹ̀yin ẹ má pe orúkọ mọ́ o! Ẹ jẹ́ kí òwú máa pè é." Wọ́n tú ẹrù náà, aṣọ mẹ́rìnlá, ọ̀kọ̀ọ̀kan bá olówó rẹ̀ pàdé. Lọ́jọ́ kejì, wọ́n yan. Kò sí ẹni tí ṣòkòtò já bọ́ lára rẹ̀. Sìkírátù ń wọ géètì náà títí tí èmi fi kó kúrò ní ilé yẹn.

Àmọ́ láti ọjọ́ náà ni kò ti sinmi ìbéèrè. Bó bá lọ ta aṣọ tí àwọn oníbàárà pa tì ní Ìyànà Ìbà, tó rí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ń di orí mú lẹ́nu géètì ilé ẹ̀kọ́ gíga wọn, á bi wọ́n: "Níbo lẹ ti ń tan àtùpà? Ṣé fèrèsé ṣí? Ìgbà wo lẹ jẹun? Ìgbà wo lẹ sùn?" Wọ́n á máa fi í rẹ́rìn-ín. Ọ̀dọ́mọbìnrin kan sọ fún un pé fèrèsé òun ṣí, òun ń jẹun, òun ń sùn, síbẹ̀ kùrukùru wà. Sìkírátù jókòó tì í lórí bẹ́ǹṣì, ó rọra ń béèrè lọ, títí ọmọ náà fi sọ pé ìyá òun kú nínú oṣù tó kọjá, òun kò sì tí ì sunkún. Sìkírátù délé, ó sọ fún mi pé òun kò mọ̀ pé àbààwọ́n tí ọṣẹ kan kò lè mú kúrò pọ̀ tó bẹ́ẹ̀.

"Ìyá Àgbà, nǹkan téèyàn bá gbàgbé, ibo ló máa ń lọ?"

Ha, Ṣadé. Sìkírátù náà bi mí bẹ́ẹ̀ rí, mo ní mi ò mọ̀. Bí mo tilẹ̀ mọ̀ ọ́n, ta ni n ó sọ ọ́ fún? Ẹ̀hìndé ti ń mirí bí alángbá, ojú ìwọ náà ti rọ̀. Orí tó ti rẹ̀ kì í gbé ọ̀rọ̀ dúró, á kàn dà á sílẹ̀ ni. Ó tó. Ẹ dìde, ẹ ká ẹní, ẹ fọ ẹsẹ̀. Kálukú yín, ó di ojú oorun.

A dúpẹ́ o, Ìyá Àgbà.

Ẹ lọ sùn.